Òsì Ni Tìrẹ

Apá kan wà lórí tábìlì mi ní iyàrá ìkẹ́kọ̀ọ́, apá tí a fi aṣọ rán. Òwú ló kún inú rẹ̀, ó gùn tó apá àgbàlagbà, ó sì ní ìka márùn-ún tí èékánná wọn jẹ́ bọ́tìnì pẹlẹbẹ. Ẹ̀gbọ́n mi obìnrin ló rán an fún mi lọ́dún tí wọ́n fi mí ṣe olùkọ́ ní ilé ẹ̀kọ́ àwọn nọ́ọ̀sì. Ó ní kí n má fi àwòrán inú ìwé nìkan kọ́ ọmọ ọlọ́mọ, nítorí ẹni tó bá mọ aṣọ nínú àwòrán nìkan kò lè mọ ibi tí yóò ti fún aláṣọ lábíyá.

"Gbé ìwé rẹ wá," ló wí fún mi lọ́jọ́ náà. "Júwe ọ̀nà ẹ̀jẹ̀ yìí fún mi, bí ìgbà tí èèyàn ń júwe ilé fún àlejò."

Mo júwe. Mo ní iṣan ńlá tó ń gbé ẹ̀jẹ̀ lọ sí apá, àyà ló ti ń bọ̀. Á gba abẹ́ egungun tó dábùú láti ọrùn dé èjìká, á wọ abíyá, á sì sọ̀ kalẹ̀ nínú apá, ní ẹ̀gbẹ́ tó kọjú sí ìhà, níbi tí ẹran ti bò ó dáadáa. Tó bá kọjá ibi tí apá ti ń ká díẹ̀ ni yóò tó pín sí méjì. Ọ̀kan á gba ẹ̀gbẹ́ àtàǹpàkò lọ. Òun ni dókítà máa ń fọwọ́ kàn lọ́rùn ọwọ́ tó bá fẹ́ mọ bí ọkàn ṣe ń lù. Èkejì á gba ẹ̀gbẹ́ ọmọńdinrín. Tí wọ́n bá wá dé àtẹ́lẹwọ́, àwọn méjèèjì á tún pàdé, wọ́n á tẹ̀ kọrọdọ bí ọrun, láti ibẹ̀ ni ìka kọ̀ọ̀kan á ti máa gba ìpín tirẹ̀.

Àǹtí, bí mo ṣe ń pe ẹ̀gbọ́n mi yìí, fi ìka tẹ̀lé àwòrán náà títí dé àtẹ́lẹwọ́, ó sì mi orí.

"Ọlọ́run yìí mọ aṣọ ọ́ rán," ló wí. "Ó pín in tán, ó tún so wọ́n pọ̀, kí ebi má bàa pa ìka kankan."

Okùn pupa ló fi ṣe àwọn iṣan tó ń gbé ẹ̀jẹ̀ lọ, ó rì wọ́n sínú òwú. Okùn aláwọ̀ aró ló fi ṣe àwọn tó ń dá ẹ̀jẹ̀ padà sí ọkàn, ó tẹ́ ìwọ̀nyí sí abẹ́ aṣọ òkè gẹ́lẹ́, nítorí àwọn la máa ń rí lábẹ́ awọ, àwọn náà la sì ń gún lábẹ́rẹ́. Èyí tó ń lọ máa ń lù, nítorí ọkàn ló ń tì í látẹ̀yìn. Èyí tó ń padà bọ̀ kì í lù. Lórí ìyàtọ̀ yìí ni mo gbé gbogbo ẹ̀kọ́ mi kà. Ọ̀rọ̀ kan wà tí mo fi há àwọn akẹ́kọ̀ọ́ mi lórí bí àkọ́sórí ọmọ ilé ẹ̀kọ́ ọjọ́ ìsinmi: "Fi ìka kàn án kí o tó fi abẹ́rẹ́ kàn án. Tó bá ń lù, tọrọ gáfárà lọ́wọ́ rẹ̀, kí o sì kọjá." Mo wí i tó bẹ́ẹ̀ tí wọ́n fi sọ mí ní Màmá Fi-Ìka-Kàn-Án. Tí mo bá ń bọ̀ lọ́nà, mo máa ń gbọ́ tí wọ́n ń sọ lábẹ́lẹ̀ pé, "Ẹ dákẹ́ o, Fi-Ìka-Kàn-Án ti dé." Inú mi máa ń dùn sí i. Kí Ọlọ́run dárí jì mí, mo tilẹ̀ ń fi yangàn.

Ọdún mọ́kànlá ni Àǹtí fi jù mí lọ. Nígbà tí ìyá wa kú, èmi ò tíì lè di irun ara mi. Òun ló di irun mi, òun ló ń sùn tì mí tí ẹ̀rù bá ń bà mí, ẹ̀rọ ìránṣọ rẹ̀ ló sì rán mi dé ilé ẹ̀kọ́ nọ́ọ̀sì. Aṣọ ọmọ ilé ìwé, aṣọ ìyàwó, aṣọ àwọn akọrin, kò sí èyí tí kò rán. Tó bá ti jókòó sídìí ẹ̀rọ, orin ìsìn ló máa ń kùn, kì í sì í kun ohùn kìíní tí gbogbo èèyàn mọ̀. Ohùn kejì ló ń kùn, ohùn tó wà nísàlẹ̀, tó jẹ́ pé tí o bá gbọ́ òun nìkan, o kò ní mọ orin wo ni. Èmi ni mo máa ń kọ ohùn kìíní sí i láti yàrá kejì.

Lọ́dún àkọ́kọ́ mi ní ilé ẹ̀kọ́, tí wọ́n ní ká lọ máa fi ara wa dánra wò, ẹ̀rù bà mí láti gún ẹnikẹ́ni. Mo délé, mo ń sunkún, Àǹtí bá ká apá aṣọ rẹ̀ ọwọ́ òsì sókè, ó nà án sí mi lórí tábìlì tó fi ń gé aṣọ.

"Gún un."

"Àǹtí, ó máa dùn yín o."

"Ṣé abẹ́rẹ́ ló ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ́ máa gún mi ni? Wo ìka mi. Tí wọ́n bá ní kí gbogbo abẹ́rẹ́ tó ti gún mi dìde, ilé yìí ò ní gbà wá."

Mo rẹ́rìn-ín, mo sì na ọwọ́ sí apá rẹ̀ ọ̀tún, nítorí òun ló sún mọ́ mi. Ó yára fà á sẹ́yìn bí ẹni tí ọmọdé fẹ́ gba oúnjẹ lẹ́nu rẹ̀.

"Ẹ̀n-ẹ́n! Òsì ni tìrẹ. Ọ̀tún ni ti iṣẹ́. Tí o bá ba òsì jẹ́, màá fi ọ̀tún rán ara mi padà. Tí o bá ba ọ̀tún jẹ́, kí ni a máa jẹ?"

Bẹ́ẹ̀ ló rí fún ọdún mẹ́ta. Tí mo bá ti sọ pé mo fẹ́ dánra wò, yóò na òsì láìgbé ojú kúrò nídìí ohun tó ń rán, á ní, "Òsì ni tìrẹ, má pẹ́." Mo gún un títí ọwọ́ mi fi balẹ̀. Mo mọ apá òsì yẹn bí ẹni mọ orin tí wọ́n fi rẹ̀ ẹ́ sùn. Mo mọ ibi tí iṣan ti yà, mo mọ èyí tó máa ń sá fún abẹ́rẹ́. Apá ọ̀tún, mi ò fọwọ́ kàn án rí. Àlùmọ́gàjí ló ń gbé, ṣọ́ọ̀kì ló ń mú, òun ló sì fi ń ṣí ìwé orin.

Ọ̀rọ̀ náà di àwàdà láàárín wa. Tí mo bá bù lára ẹran rẹ̀ nídìí oúnjẹ, á ní, "Òsì abọ́ ni tìrẹ, jọ̀wọ́ mi." Tí a bá jókòó ní ilé ìsìn, ẹ̀gbẹ́ òsì rẹ̀ ni mo máa ń wà. Ogún ọdún ó lé kọjá lórí rẹ̀.

Ọjọ́ tí mò ń sọ yìí, ọ̀sán gangan ni. Inú ti ń run Àǹtí láti ọjọ́ mẹ́ta, èébì kò jẹ́ kó gbé omi mì. Ilé ìwòsàn kékeré tó wà ládùúgbò wa ti fa omi sí i lára lápá òsì lọ́jọ́ tó ṣáájú, wọ́n sì ti kọ abẹ́rẹ́ tó ń dá èébì dúró fún un, wọ́n ní kí wọ́n fún un ní èyí tó kù láti inú iṣan. Dókítà wọn rẹ́rìn-ín, ó ní, "Ìyá, nígbà tí ẹ ní nọ́ọ̀sì nínú ilé, kí lẹ tún ń padà wá ṣe?" Mo gba oògùn, mo gbé e bọ̀ wá sílé. Èmi tí mo kọ́ ìdajì àwọn nọ́ọ̀sì wọn.

Mo ṣí apá òsì wò. Ó ti wú, ó dúdú níbi tí wọ́n ti fa omi. Mo lọ sí ẹ̀gbẹ́ kejì ibùsùn.

Àǹtí la ojú. Ètè rẹ̀ ti gbẹ. "Òsì ni tìrẹ o," ló wí.

"Ó ti wú, Àǹtí. Ẹ jẹ́ kí n yá ọ̀tún lónìí nìkan. Màá dá a padà."

"Olè," ló wí, ó rẹ́rìn-ín díẹ̀, ó sì di ojú. Ó tú ọwọ́ sílẹ̀ fún mi.

Mo de rọ́bà mọ́ apá rẹ̀ lókè. Kí n tó so ó tán, iṣan kan ti yọ síta ní ibi tí apá ti ń ká, ní ẹ̀gbẹ́ inú, ó tóbi, ó tọ́ bí ìlà ṣọ́ọ̀kì. Mo dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run nínú ọkàn mi pé mi ò ní wá a kiri lára ẹni tí ara ń ni. Mo nu ojú ibẹ̀. Mo gún un. Ẹ̀jẹ̀ yọ wọ inú abẹ́rẹ́ kíákíá, ó pọ́n fòò, ó pọ́n ju bó ṣe yẹ lọ. Mo rí i. Mo ń sọ òtítọ́ fún yín pé mo rí i, ṣùgbọ́n ọwọ́ mi ti mọ iṣẹ́ yìí débi pé kì í dúró bi ojú ní ìbéèrè mọ́. Mo tú rọ́bà, mo sì ti oògùn wọlé.

Àǹtí pariwo. Mi ò gbọ́ irú ariwo bẹ́ẹ̀ lẹ́nu rẹ̀ rí, kódà lọ́jọ́ tí ìyá wa kú. Ó ní iná ni, iná ni, iná ti wọ ìka òun. Mo fa abẹ́rẹ́ yọ, ẹ̀jẹ̀ sì tú jáde, ó dáwọ́, ó tún tú, ó dáwọ́, ó tún tú, bí ọkàn ṣe ń tì í. Mo wo ọwọ́ rẹ̀. Láti ọrùn ọwọ́ dé ìka, ní ẹ̀gbẹ́ ọmọńdinrín, ó funfun bí ṣọ́ọ̀kì.

Iṣan tó ń lọ ni mo gún. Oògùn tó yẹ kó padà sí ọkàn kó lọ pò mọ́ ẹ̀jẹ̀ gbogbo ara ni mo dà tààrà sórí ìka ẹ̀gbọ́n mi.

Ní ọsibítù ńlá, wọ́n ṣe gbogbo ohun tí èèyàn lè ṣe. Wọ́n fún un ní oògùn tí kì í jẹ́ kí ẹ̀jẹ̀ dì, wọ́n gbé ọwọ́ rẹ̀ sókè, wọ́n fi nǹkan gbígbóná wé e. Dókítà àgbà tó ń tọ́jú rẹ̀, ọkùnrin jẹ́jẹ́ kan tó máa ń bọ́ awò ojú rẹ̀ kó tó sọ̀rọ̀, gbé àwòrán apá náà wá lọ́jọ́ kejì. Ó gbé e sójú fèrèsé kí ìmọ́lẹ̀ lè gba inú rẹ̀ kọjá.

"Ẹ wò ó," ló wí. "Lára ọ̀pọ̀ èèyàn, ìsàlẹ̀ ibi tí apá ti ń ká ni iṣan yìí ti ń pín. Tiyín pín lókè lọ́hùn-ún, nítòsí abíyá. Ọ̀kan bọ́ sábẹ́ ẹran bó ṣe yẹ. Èkejì, èyí tó ń lọ sí ẹ̀gbẹ́ ọmọńdinrín, gba abẹ́ awọ. A máa ń rí i lára èèyàn díẹ̀díẹ̀. Kì í ṣe àìsàn. Bí Ọlọ́run ṣe dá yín ni."

"Apá òsì ńkọ́?" ni mo bi í.

"Ti òsì rí bíi ti gbogbo èèyàn."

Ó bọ́ awò ojú rẹ̀. "Ta ló gún abẹ́rẹ́ náà?"

"Èmi ni, sà."

"Ṣé ẹ fi ìka kàn án kí ẹ tó gún un?"

Lórí ìrọ̀rí, Àǹtí yí orí padà sí mi. Ojú rẹ̀ ti rẹ̀, ṣùgbọ́n kò sí ìfura kankan níbẹ̀. Ó kàn ń dúró kí n dáhùn ni, bí ìyá tí wọ́n bi ọmọ rẹ̀ ní ìbéèrè tó mọ̀ níwájú àlejò.

"Mo fi ìka kàn án," ni mo wí. "Kò lù."

Dókítà mi orí. Ó ní tí rọ́bà bá le jù, ó lè pa ìlù iṣan mọ́, pé ó ti ṣẹlẹ̀ sí àwọn tó gbọ́n. Ó ní kí n má dá ara mi lẹ́bi.

"Ẹ ò mọ̀ ọ́n ni, Dókítà," ni Àǹtí wí, ohùn rẹ̀ kò ju ti ẹyẹ lọ. "Fi-Ìka-Kàn-Án ni àwọn ọmọ ilé ẹ̀kọ́ ń pè é. Tí àbúrò mi bá ní kò lù, kò lù nìyẹn."

Mo jáde lọ sí ẹnu ọ̀nà, mo dúró síbẹ̀, mo di ògiri mú.

Ìka ọmọńdinrín ló kọ́kọ́ dúdú, ti òrùka tẹ̀lé e, ti àárín tẹ̀lé e. Àtàǹpàkò àti ìfábẹ̀lá gba ẹ̀jẹ̀ láti ọ̀nà kejì, wọ́n yè. Ọjọ́ kejìlá ni wọ́n gé àwọn mẹ́ta náà. Mo gbàdúrà títí di ìṣẹ́jú tí wọ́n fi kẹ̀kẹ́ tì í wọlé, mo bẹ Ọlọ́run pé kó mú tèmi. Ó gbọ́ àdúrà náà, mo mọ̀ pé ó gbọ́ ọ. Kì í ṣe gbogbo ohun tí a bá béèrè ni ó máa ń ṣe.

Nígbà tí wọ́n tú báńdéèjì, Àǹtí gbé ọwọ́ náà sókè, ó ṣí àwọn méjèèjì tó kù, ó pa wọ́n dé. "Ó dà bí ẹnu ẹyẹ," ló wí. "Ọlọ́run ṣeun, ó ṣẹ́ èyí tí mo fi ń mú abẹ́rẹ́ kù." Mo rẹ́rìn-ín nítorí ó fẹ́ kí n rẹ́rìn-ín. Ọ̀sẹ̀ kan lẹ́yìn náà, mo wà nílé ìdáná rẹ̀ tí mo gbọ́ tí nǹkan irin já bọ́ sílẹ̀. Kò pẹ́, ó tún já bọ́. Àlùmọ́gàjí ńlá tó fi ń gé aṣọ ni. Mo gbọ́ ọ ní ẹ̀ẹ̀mẹ́rin kó tó dákẹ́. Nígbà tí mo wọlé, ó ti tẹ́ aṣọ ìyàwó kan tí kò tíì gé padà sínú àpótí, ó jókòó síwájú ẹ̀rọ, kò sì kun orin kankan.

Mo ń lọ síbẹ̀ lójoojúmọ́. Mo gbálẹ̀, mo se oúnjẹ, mo fọ aṣọ, mo bá a ka ìwé mímọ́, mo gbàdúrà gígùn. Ó máa ń ní, "O ṣeun." Ó máa ń wò mí nígbà mìíràn bí ẹni tó fẹ́ kí n sọ nǹkan. Mo rò pé ìrora ni. Mo máa ń bi í pé, "Ṣé ó ń dùn yín, Àǹtí?" Á ní, "Ó ń dùn mí."

Ní ilé ẹ̀kọ́, mo ti apá aláṣọ náà mọ́ inú kọ́bọ́ọ̀dù. Gbogbo wọn ti gbọ́ ohun tó ṣẹlẹ̀: Fi-Ìka-Kàn-Án fi ìka kàn án, kò lù, àmúwá Ọlọ́run ni. Mo fo ẹ̀kọ́ apá, mo ní ká kọ́kọ́ ṣe ẹsẹ̀. A wà lórí ẹsẹ̀ fún ọ̀sẹ̀ márùn-ún. Ọmọbìnrin kan wà láàárín wọn tí wọ́n ń pè ní Ìbéèrè, nítorí ẹnu rẹ̀ kì í pa mọ́ tán. Ó nawọ́ lọ́jọ́ kan.

"Ẹ jọ̀ọ́, Mà, ṣé a ò ní padà sí apá mọ́ ni? Bí a ṣe pẹ́ nínú ẹsẹ̀ yìí, ẹ̀rù ń bà mí kí n má lọ gún aláìsàn lábẹ́rẹ́ ní gìgísẹ̀."

Wọ́n rẹ́rìn-ín. Ẹ̀rín náà kò tíì tán tí a fi gbọ́ ilẹ̀kùn. Àǹtí ló wọlé. Ó wọ aṣọ ìsìn rẹ̀, ó gbé àpò kékeré lápá òsì, ó fi ìborùn bo ọwọ́ ọ̀tún. Mi ò mọ̀ pé ó ń bọ̀.

"Ẹ káàárọ̀, ẹ̀yin ọmọ mi."

"Ẹ káàárọ̀, Mà!"

"Èmi ni mo bí apá tí wọ́n ń fi kọ́ yín. Níbo ló wà? Àbí ó ti lọ sílé ọkọ?"

Wọ́n tún rẹ́rìn-ín. Èmi kò lè rẹ́rìn-ín. "Gbé e wá," ló wí fún mi. Mo ṣí kọ́bọ́ọ̀dù, mo gbé e sórí tábìlì. Ó jókòó, ó yọ abẹ kékeré tí aránṣọ fi ń tú ojú rírán láti inú àpò, ó sì fi ọwọ́ òsì bẹ̀rẹ̀ sí í tú apá náà. Ó pẹ́. Ojú rírán tirẹ̀ ni, ó sún mọ́ra, ó kéré, kò fẹ́ tú. Nígbà tí abíyá ti ṣí, ó fa okùn pupa náà jáde, ó là á sí méjì láti òkè, ó rọra ti ọ̀kan padà sínú òwú. Ó tẹ́ èkejì sí abẹ́ aṣọ òkè, ní ẹ̀gbẹ́ okùn aláwọ̀ aró gan-an. Ó fi àtàǹpàkò àti ìfábẹ̀lá mú abẹ́rẹ́ olórí, ó fi há a síbẹ̀. Abẹ́rẹ́ náà bọ́ lẹ́ẹ̀mejì. Èmi fẹ́ ràn án lọ́wọ́, ó ní, "Jọ̀wọ́ mi."

"Bí wọ́n ṣe júwe rẹ̀ fún mi ni mo ṣe rán an," ló wí fún wọn. "Mi ò mọ̀ pé apá tí mo fi ń rán an kò rí bẹ́ẹ̀. Ibí yìí ni tèmi ti pín. Ó gba abẹ́ awọ lọ. Ẹni tó bá fi ojú nìkan wò ó, á pè é ní èyí tó ń padà bọ̀." Ó ká aṣọ rẹ̀ sókè, ó sì na apá ọ̀tún sórí tábìlì. "Ìwọ tí ẹ̀rù gìgísẹ̀ ń bà, máa bọ̀. Fi ìka kàn án."

Ìbéèrè jáde. Ó fi ìka méjì lé ibi tí apá ti ń ká. Ojú rẹ̀ yí padà.

"Ó ń lù, Mà! Ó ń lù gan-an, bí ẹni tó ń kan ilẹ̀kùn."

"De rọ́bà mọ́ ọn bí wọ́n ṣe kọ́ ọ. Ṣé ó ṣì ń lù?"

Ọmọ náà dè é. Ó tún fi ìka kàn án. "Ó ṣì ń lù, Mà. Ó kàn rọlẹ̀ díẹ̀ ni." Ó wá gbójú sókè sí mi, kò ní ìkà nínú, ó kàn fẹ́ mọ̀ ni. "Ṣùgbọ́n, Mà, ṣebí ẹ ní ẹ..." Ó fa ìka rẹ̀ kúrò lára apá náà bí ẹni pé ó gbóná.

Àǹtí kò wò mí. Apá ara rẹ̀ ló ń wò.

Mo ti kọ́ ọ̀pọ̀ ènìyàn bí a ṣe ń sọ ìròyìn búburú fún ẹbí aláìsàn. Ẹ jókòó, ẹ wo ojú wọn, ẹ sọ ọ́ ní kúkúrú. N kò jókòó. N kò lè wo ojú ẹnikẹ́ni.

"Mi ò fi ìka kàn án," ni mo wí. "Mo rí i, ó dára lójú mi, mo sì gún un. Mo parọ́ fún dókítà. Mo parọ́ fún Àǹtí mi. Mo jẹ́ kí ẹ̀yin náà gbà á gbọ́."

Ẹnì kan bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún lẹ́yìn, kì í ṣe èmi.

"Láti ọjọ́ tí wọ́n ti tú báńdéèjì ni mo ti mọ̀," ni Àǹtí wí. Èmi ló ń bá sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n apá rẹ̀ ló ṣì ń wò. "Tí ìrora bá dé, mo máa ń fi òsì di ọ̀tún mú. Ó sì ń lù sí mi lọ́wọ́. Mo ní, Olúwa, ohun tó ń pariwo tó báyìí, báwo ni àbúrò mi ò ṣe gbọ́ ọ? Mo bá ń retí rẹ. O wá, o gbálẹ̀. O wá, o se ọbẹ̀. Àdúrà rẹ sì gùn, àdúrà rẹ gùn débi tí ẹsẹ̀ mi fi ń kú. Ọ̀rọ̀ yìí nìkan ni o kò sọ. Nígbà tí mo retí tí o kò sọ ọ́, ni mo gbé apá náà wá bá ọ níbi iṣẹ́ rẹ."

"Àǹtí, ẹ jọ̀ọ́..."

"Ti ìka, mo ti dárí rẹ̀ jì ọ́ láti orí ibùsùn ọsibítù. Àṣìṣe ni. Èmi náà ti ṣi aṣọ ìyàwó gé rí. Ṣùgbọ́n mo fi ẹnu mi jẹ́rìí rẹ níwájú dókítà. Ìka mẹ́ta ń kú lọ lọ́wọ́ mi, ọ̀rọ̀ ẹnu mi tó kù fún mi ni mo fi jẹ́rìí rẹ." Ó tú rọ́bà fúnra rẹ̀, ó fa aṣọ bo apá. "Ti ìyẹn, fún mi láyè. Mò ń tọrọ rẹ̀ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Kò tíì fún mi."

Ó dìde, ó dúpẹ́ lọ́wọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́, ó ní kí Ìbéèrè má ṣe jáwọ́ nínú bíbéèrè. Kó tó jáde, ó sọ fún wọn pé kí wọ́n má rán apá náà padà, kí wọ́n fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀ ní títú.

Mo sìn ín dé ẹnu ọ̀nà àbájáde. Oòrùn ti mú, ọkọ̀ ń lọ, ọkọ̀ ń bọ̀, a sì ní láti kọjá sí òdìkejì òpópónà. Láti kékeré, tí a bá fẹ́ sọdá, ọwọ́ òsì rẹ̀ ni mo máa ń dì mú. Mo bọ́ sí ẹ̀gbẹ́ òsì rẹ̀ bí mo ti ń ṣe láti ọdún yìí wá, mo na ọwọ́. Àpò ló wà lọ́wọ́ náà. Mo ní kí ó jẹ́ kí n gbà á. Kò gbé e fún mi.

"Òsì ti di ti iṣẹ́," ló wí. "Òun ni màá fi kọ́ bí wọ́n ṣe ń gé aṣọ."

Ó yọ ọwọ́ ọ̀tún kúrò lábẹ́ ìborùn, ó nà án sí mi.

"Èyí ni tìrẹ báyìí."

Mo yí sí ẹ̀gbẹ́ kejì, mo gbà á. Ó fúyẹ́. Mo di í mú lọ́rùn ọwọ́ bí mo ṣe ń di ti gbogbo aláìsàn mú, mo sì fi ìka mi kàn án, èyí tí n kò ṣe lọ́jọ́ tó yẹ. Ní ẹ̀gbẹ́ àtàǹpàkò, ó ń lù, ó ń lọ déédéé. Mo sún ìka mi sí ẹ̀gbẹ́ ọmọńdinrín. Mo dúró. Ọ̀nà ṣí sílẹ̀ níwájú wa, ọkọ̀ ti dáwọ́ dúró fún wa, awakọ̀ kan ń juwọ́ pé ká máa kọjá. Mo ṣì dúró, mo tẹ etí sílẹ̀ pẹ̀lú ìka mi, bóyá n óò gbọ́ ọ.

"Ó tó," ni Àǹtí wí. "Jẹ́ ká sọdá."